Ta Ni Yóò Ya Àwòrán Àwọn Àgbà Wa?

Ẹ̀yin ìjòyè àti ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù, ọ̀rọ̀ kan wà tí a kò gbọdọ̀ fi falẹ̀ mọ́.

Francis Speed fi ẹ̀rọ sinimá ṣiṣẹ́ ní ilẹ̀ Yorùbá. Ní 1963, òun àti Raymond Prince ṣe sinimá lórí bí àwọn oníṣègùn wa ti ń tọ́jú wèrè. Ní 1964, òun àti Ulli Beier ṣe ti àwọn oníṣẹ́ ọnà Òṣogbo. Ní 1967, wọ́n ṣe ti Dúró Ládipọ̀. Dúró Ládipọ̀ kú ní 1978, síbẹ̀ ọmọ tí kò bá a láyé lè rí i, kí ó sì gbọ́ ohùn rẹ̀.

Ní Òkukù, Karin Barber gbé láàárín wa láti 1974 títí di 1977. Ó jókòó ti Ṣàngówẹ̀mí àti àwọn obìnrin mìíràn tí ń ki oríkì, ìwé rẹ̀ sì jáde ní 1991. Oríkì gan-an ni àwòrán ènìyàn tí àwọn baba wa mọ̀: kì í yin ni nìkan, a máa sọ àbùkù àti ìjà ẹni pẹ̀lú. Ẹni tí kò sún mọ́ ni kò lè kì ni.

Àwọn kan yóò wí pé, a kúkú ń ya fídíò ní gbogbo ìnáwó. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n aṣọ àti owó níná ni fídíò bẹ́ẹ̀ ń fi hàn. Ìyá arúgbó tó jókòó sí àárín kò sọ gbólóhùn kan.

Nítorí náà, a dá a lábàá pé kí ìlú kọ̀ọ̀kan yan àgbà méjì lọ́dọọdún, kí ọ̀dọ́ tó gbọ́ èdè wa dáradára bá wọn gbé fún ọjọ́ mélòó kan, nídìí iṣẹ́ wọn, kí ó sì ya wọ́n. Kí àgbà náà kọ́kọ́ wò ó, kí ó sì fọwọ́ sí i. Kí ẹ̀dà kan wà ní ààfin, ọ̀kan ní ilé-ẹ̀kọ́.

Nígbà ogun Ìlọrin, Ìkìrun ni àwọn ará Òkukù sá sí. Ìlú tó ti fi ara pamọ́ sí abẹ́ òrùlé kan náà lè pawọ́ pọ̀ ra ẹ̀rọ kan. Kí Akínrun, Olúnísà àti Olókukù pe ìpàdé lórí rẹ̀ kí ọdún yìí tó parí. Àwọn àgbà kò ní dúró dè wá.