Ẹgbẹ́ Tí Kò Ní Àgbà

Ẹ jẹ́ kí a sọ òótọ́ ọ̀rọ̀. A máa ń wí pé bọ́ọ̀lù ló ń ba àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin wa jẹ́. Irọ́ ni. Ẹgbẹ́ tí kò ní àgbà ló ń bà wọ́n jẹ́.

Ẹ dé pápá àdúgbò yín nírọ̀lẹ́. Ọmọ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ẹgbẹ́ ni yóò pọn omi, òun ni yóò ru bàtà àwọn ọ̀gá, òun náà ni yóò gba ìfọ́tí. Bí ó bá ráhùn, wọ́n á ní kì í ṣe ọkùnrin. Bí òmíràn bá sọ pẹ́nárítì nù, orúkọ ẹ̀sín tí wọ́n bá fún un lọ́jọ́ náà lè bá a dọjọ́ alẹ́. Èyí ni wọ́n ń pè ní ìwà akin!

Ta ni kì í ṣì í gbá? Ní oṣù Èrèlé ọdún 2000, ní Súrùlérè, Nàìjíríà àti Kamẹrúùnù gbá ọ̀mì 2–2 nínú àṣekágbá ife-ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà. Nígbà tí ó di pẹ́nárítì, a kò ka ti Nwankwo Kanu àti ti Victor Ikpeba sí góòlù. Bẹ́ẹ̀, àwọn méjèèjì ti gba oyè agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jù lọ ní Áfíríkà. Bí irú wọn bá lè ṣì í gbá, kí ni ẹ̀ṣẹ̀ ọmọ ọdún 16?

Àwọn baba wa mọ ohun tí ẹgbẹ́ jẹ́. Ní Ìjẹ̀bú-Òde, àwọn regbérégbé ṣì ń jáde ní Ojúde Ọba lọ́dọọdún lẹ́yìn Iléyá. Aṣọ kan náà ni àwọn ojúgbà ń wọ̀, ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan sì mọ ẹgbẹ́ tó ṣíwájú rẹ̀. Aṣọ kan náà ni àwọn ọmọ bọ́ọ̀lù wa ń wọ̀ pẹ̀lú. Ẹni tí yóò ṣíwájú wọn ni wọn kò ní.

Àwọn kan yóò ní ìyà ló ń sọ ọmọ di ọkùnrin. A gbà pé eré ń fẹ́ ìfaradà, ṣùgbọ́n ìkọ́ni yàtọ̀ sí ìfiniṣẹ̀sín. Níbi tí ẹ̀sín bá ti jọba, kò sẹ́ni tí yóò fẹ́ gbá pẹ́nárítì mọ́. Ojo ni ẹ̀sín ń sọ ènìyàn dà, kì í sọni di akin.

Nítorí náà, kí àgbà kan máa jókòó ti ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan lẹ́yìn eré. Kí a fi ìwà yan balógun ẹgbẹ́, kì í ṣe ẹsẹ̀ nìkan. Kí balógun náà sì jẹ́ ẹni àkọ́kọ́ tí yóò di ọwọ́ ẹni tó ṣì í gbá mú.

Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Orí ọmọ wa ti wọ́ lórí pápá. Níbo ni àwa wà?