Táyà Tí Ẹ Kò Tíì Sọ̀ Kalẹ̀ Rí, Ẹ Má Pè É ní Sípíà

Àwọn tó ní píkọ́ọ̀pù nílẹ̀ wa, ì báà jẹ́ Hilux iléeṣẹ́ ìjọba, ì báà jẹ́ ti kọngílá tó ń la ọ̀nà, ì báà sì jẹ́ ti àgbẹ̀ tó ń kó kòkó jáde láti Ìdànrè, ìgbàgbọ́ kan náà ló wà lọ́kàn gbogbo wọn: sípíà ń bẹ lábẹ́ ọkọ̀. Ẹ bi ọ̀kan nínú wọn pé ṣé ó ní sípíà, yóò bẹ̀rẹ̀, yóò nawọ́ sábẹ́ bọ́ńpà ẹ̀yìn, yóò ní, "Òun nìyẹn." Ẹ ó sì rí i lóòótọ́, ó so rọ̀ síbẹ̀, ẹrẹ̀ ti bò ó. Bí àwọn ẹ̀ṣọ́ ojú pópó FRSC bá dá ọkọ̀ dúró, àwọn náà á bẹ̀rẹ̀ wò ó, wọ́n á ní ó dáa, ẹ máa lọ.

Èmi ní kò dáa. Táyà tí ojú rí lábẹ́ ọkọ̀ lè má sọ̀ kalẹ̀ lọ́jọ́ tí a bá nílò rẹ̀. Ẹ̀rọ kékeré kan ló dì í mú, ọ̀pọ̀ onímọ́tò kò sì tíì fojú kan ẹ̀rọ náà rí. Nígbà tó bá kọ̀ lójú ọ̀nà ni wọ́n máa ń mọ̀ pé ó wà.

Ẹ jẹ́ ká wo bó ṣe ń ṣiṣẹ́. Lábẹ́ ibi tí píkọ́ọ̀pù ń kó ẹrù sí, lápá ẹ̀yìn pátápátá, táyà náà dùbúlẹ̀ pẹrẹsẹ. Ṣéènì kan, tàbí wáyà irin tó lọ́, gba àárín rímù rẹ̀ kọjá, irin kan tó fẹ̀ ju ihò rímù lọ wà ní ìdí ṣéènì náà, òun ló gbé táyà dúró. Ṣéènì yìí ká sínú ẹ̀rọ aláyìípo kékeré kan tí wọ́n dè mọ́ irin ìsàlẹ̀ ọkọ̀. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ń kó àwọn irin gígùn tí à ń so pọ̀ mọ́ jáàkì nígbà tí wọ́n bá ta mọ́tò: irin yẹn là ń kì bọ ihò kan lókè bọ́ńpà títí yóò fi bọ́ sí ẹnu ẹ̀rọ náà. Bí a bá yí i sí òsì, táyà á máa sọ̀. Bí a bá yí i sí ọ̀tún, á máa gòkè. Sípíà Hilux pẹ̀lú rímù rẹ̀ á tó nǹkan bí ọgbọ̀n kílò. Gbogbo ìwúwo yẹn, ọrùn ṣéènì kan ṣoṣo ló wà.

Ibi tí wọ́n gbé e sí ni ìṣòro. Gbogbo ohun tí táyà ẹ̀yìn bá ta sókè, òun ló ń gbà á. Ní ìgbà òjò, erùpẹ̀ pupa ọ̀nà oko á di ẹrẹ̀, á wọ inú eyín ẹ̀rọ náà, á wọ àárín ṣéènì, á sì dí ihò tí irin gígùn yẹ kó gbà wọlé. Nígbà tí ọyẹ́ bá dé, ẹrẹ̀ náà á gbẹ, á le koko, eruku á tún bò ó. Ẹni tó ń gbé Lẹ́kkí tàbí Badagry tún ní ti iyọ̀ òkun tí afẹ́fẹ́ ń gbé wá, àti omi àgbàrá tó ń bo ọ̀nà mọ́lẹ̀. Ṣéènì náà ká jọ síbẹ̀, kò yí fún ọdún mẹ́ta, kò yí fún ọdún márùn-ún, ìpẹtà á so orúka rẹ̀ pọ̀ mọ́ra títí á fi fẹ́rẹ̀ẹ́ di irin kan ṣoṣo. Ẹni tó bẹ̀rẹ̀ wò ó kò lè rí èyí. Ohun tó wà níta ló rí, inú ẹ̀rọ ló ti bàjẹ́.

Èsì tí mo máa ń gbọ́ jù ni pé iléeṣẹ́ tó ṣe mọ́tò ló gbé e kọ́ síbẹ̀, wọ́n mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Wọ́n mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n wọn ò sọ fún ẹnikẹ́ni pé irin wọn kì í dípẹtà. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2009, Toyota pe nǹkan bí 110,000 Tundra ọdún 2000 sí 2003 padà ní àwọn ìpínlẹ̀ Amẹ́ríkà tí òtútù ti ń mú gan-an. Iyọ̀ tí wọ́n ń dà sójú títì níbẹ̀ kí yìnyín lè yọ́ ló ń jẹ irin ìsàlẹ̀ ọkọ̀ náà lápá ẹ̀yìn, títí dé ibi tí sípíà fi lè já bọ́ sójú ọ̀nà. Ní oṣù kẹrin ọdún 2010 ó tún kan Sienna, nǹkan bí 600,000, láti ti ọdún 1998 títí dé ti 2010, torí pé wáyà tó gbé sípíà wọn lè dípẹtà kó sì já. Ẹ tún àwọn ọdún yẹn kà. Sienna irú ọdún yẹn ló ń kó èrò láti Ọjọ́ta lọ sí Ìbàdàn àti Àkúrẹ́. Tòkunbọ̀ ni wọ́n, ẹni tó rà wọ́n kì í sì í bèèrè ìlú tí wọ́n ti lò wọ́n, bẹ́ẹ̀ ni kì í bèèrè bóyá wọ́n tún wáyà yẹn ṣe kí wọ́n tó kó wọn sínú ọkọ̀ ojú omi. Ìpẹtà tó lè já wáyà ọ̀kan náà ló lè mú ti èkejì gan pa.

Chevrolet Silverado ńkọ́, èyí táwọn tòkunbọ̀ rẹ̀ náà ń wọlé? Àwọn tó ṣe é fi ìdè kejì kún ti àkọ́kọ́, kí táyà má baà já bọ́ tí wáyà bá gé. Ohun rere ni. Àmọ́ bí ìdè kejì yìí bá gan, táyà á sọ̀ díẹ̀, á sì dúró sójú afẹ́fẹ́. Nínú ìwé ìtọ́ni ọkọ̀ náà, àlàyé wà lọ́tọ̀ fún bí a ṣe máa tú u nígbà tó bá ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn tó ṣe mọ́tò fúnra wọn ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé ó lè kọ̀. Àwa tí a rà á la ní kò lè kọ̀.

Èsì kejì kò sábà jáde lẹ́nu, ṣùgbọ́n òun ló lágbára jù. Ẹ̀rù ń bà wá láti fọwọ́ kàn án. Nígbà tí a bá ra mọ́tò, tí à ń ka ẹrù inú rẹ̀, bó bá kan sípíà, gbogbo ẹni tó wà níbẹ̀ á ní, "Ọlọ́run ò ní jẹ́ ká lò ó." Àmín ni témi náà. Ṣùgbọ́n àdúrà yẹn ti di èèwọ̀ mọ́ wa lọ́wọ́: ẹni tó bá ń sọ sípíà rẹ̀ kalẹ̀ nígbà tí táyà kankan ò jò, wọ́n á máa wò ó bí ẹni tó ń pe àìdáa. A kì í sọ bẹ́ẹ̀ fún ẹni tó tẹ bíréèkì wò kó tó kúrò nílé. A kì í sọ bẹ́ẹ̀ fún ẹni tó yọ ọ̀pá ọ́ìlì wò láàárọ̀. Sípíà náà jẹ́ ara mọ́tò, ohun tí à ń yẹ̀ wò ni.

Ẹ wo bó ṣe máa ń rí nígbà tí a ò bá yẹ̀ ẹ́ wò. Táyà ẹ̀yìn bẹ́ lẹ́yìn Ọ̀rẹ̀, ilẹ̀ ti ń ṣú, igbó lápá ọ̀tún, igbó lápá òsì. Dẹ́rẹ́bà gbé àga ẹ̀yìn sókè, ó rí jáàkì, kò rí irin gígùn; ẹnìkan ti fi ṣe nǹkan mìíràn ní ọdún kan sẹ́yìn. Ká ní ó tiẹ̀ rí i, ihò ti dí. Ó fi igi gbẹ́ ẹ, ó kì irin bọ̀ ọ́, ó ń yí, irin ń yọ̀ lẹ́nu ẹ̀rọ, táyà ò mira. Nítorí pé táyà ẹ̀yìn ti fọ́, ìdí ọkọ̀ ti wálẹ̀, àyè tó wà lábẹ́ rẹ̀ kò tó nǹkan. Ẹnìkan nínú èrò á wá bọ́ ẹ̀wù, á wọ abẹ́ ọkọ̀ pẹ̀lú òòlù, jáàkì nìkan ló sì gbé ọkọ̀ dúró. Ibí yìí ni mo ti ń bẹ gbogbo ẹni tó ń kà mí: ẹ má wọ abẹ́ ọkọ̀ tí jáàkì nìkan gbé dúró, ẹ má sì jẹ́ kí ọmọ ẹlòmíràn wọ̀ ọ́. Ọgbọ̀n kílò irin àti rọ́bà tó já bọ́ sí àyà ènìyàn kì í ṣe ohun tí à ń fi òǹtẹ̀ ìgboyà lù.

Wọ́n á ní fọkanáísà ń bẹ lójú ọ̀nà. Fọkanáísà kì í wà nínú igbó ní agogo mẹ́sàn-án alẹ́. Ibi tó bá sì wà, ohun tó lè ṣe fún ṣéènì tó gan kò ju kó gé e lọ. Lẹ́yìn tó bá ti gé e, táyà á jáde, ẹ ó lọ, àmọ́ kò ní sí ohun tí yóò gbé sípíà yín kọ́ mọ́ títí ẹ ó fi ra ẹ̀rọ mìíràn. Púpọ̀ nínú wa kì í rà á. A ó ju táyà sẹ́yìn píkọ́ọ̀pù láàárín iṣu àti sìmẹ́ńtì, oòrùn á máa pa á, olè á sì gbé e níwájú báǹkì.

Nítorí olè yìí náà ni àwọn kan fi ń lọ bá wẹ́dà pé kó jó irin di táyà náà lábẹ́, kí wọ́n sì fi àgádágodo tì í. Mi ò bá wọn wí, olè sípíà pọ̀. Àmọ́ àgádágodo náà, inú ẹrẹ̀ kan náà ló ń gbé. Lẹ́yìn òjò ọdún kan, kọ́kọ́rọ́ kò ní wọlé mọ́. Ẹni tó bá fẹ́ lò ó, kó fi ọ́ìlì sí ihò rẹ̀, kó fi rọ́bà tíúbù wé e, kó sì máa ṣí i lóṣooṣù. Kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, ara kọ́kọ́rọ́ mọ́tò ni kó wà, kì í ṣe nínú dúrọ́ọ̀ ọ̀gá ní ọ́fíìsì.

Àṣà mìíràn tó ń bí mi nínú ni ti kọ́ńdẹ́mù ọ́ìlì. Wọ́n á gbé ọkọ̀ sókè, wọ́n á fọ́n ọ́ìlì tó ti jóná sí gbogbo abẹ́ rẹ̀ nítorí ìpẹtà, sípíà á sì wà níbẹ̀ tí wọn ò sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Ọ́ìlì yẹn kì í dé inú ẹ̀rọ tó ká ṣéènì, torí táyà ló bò ó. Ara rọ́bà ló ń dà sí, ọ́ìlì sì ń ba rọ́bà jẹ́. Eruku tó bá tẹ̀ lé e á lẹ̀ mọ́ ọn. Wọ́n sanwó iṣẹ́ náà, wọ́n sì ṣe sípíà léṣe.

Ti àwọn tó ń yọ ọ́ jù sílé pátápátá kí epo má baà tètè tán, mi ò ní pẹ́ níbẹ̀. Ọgbọ̀n kílò lára ọkọ̀ tó ń súnmọ́ tọ́ọ̀nù méjì, owó epo wo ló fẹ́ dá padà?

Táyà náà fúnra rẹ̀ ń dàgbà níbi tó wà. Atẹ́gùn inú táyà ń dínkù lóṣooṣù bí a ò tiẹ̀ lò ó, bíi PSI kan sí méjì. Èyí tí a kò fún ní atẹ́gùn fún ọdún méjì, ó ṣeé ṣe kó ti rọ̀ débi pé kò lè gbé ọkọ̀ tó ní ẹrù. Lára rọ́bà rẹ̀, lẹ́yìn lẹ́tà DOT, nọ́ńbà mẹ́rin kan máa ń wà ní ìparí: bí ẹ bá rí 2319, ọ̀sẹ̀ kẹtàlélógún ọdún 2019 ni wọ́n ṣe é. Michelin ní kí a pààrọ̀ táyà tó bá ti pé ọdún mẹ́wàá, tòun ti sípíà, bí ojú rẹ̀ tiẹ̀ dára. Ẹ lọ wo ti yín. Bó bá ṣì so kọ́ sókè, ẹrẹ̀ àti òkùnkùn abẹ́ ọkọ̀ kò ní jẹ́ kí ẹ rí nọ́ńbà yẹn kà. Ohun mìíràn tún wà: ọ̀pọ̀ wa, táyà tó ti gbó jù nínú márùn-ún la máa ń fi kọ́ síbẹ̀. Táyà tí a kò fọkàn tán láti rìn dé ọjà, a ní kó wá gbé wa kúrò nínú igbó.

Iṣẹ́ tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún kò le. Ẹ mú ọjọ́ kan ní oṣù kẹta kí òjò tó gbalẹ̀, ẹ mú òmíràn ní oṣù kọkànlá nígbà tó bá ti dáwọ́ dúró. Ẹ gbé ọkọ̀ síbi tó tẹ́jú, ẹ fa bíréèkì ọwọ́, ẹ fi òkúta dí táyà. Ẹ da omi sí ihò náà kí ẹrẹ̀ lè yọ́, ẹ kì irin bọ̀ ọ́, ẹ máa yí i jẹ́ẹ́jẹ́ títí táyà á fi kanlẹ̀ tí ṣéènì á sì dẹ̀. Ẹ fà á jáde, ẹ dẹ irin ìdí ṣéènì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kó lè gba ihò rímù kọjá. Ẹ wá jẹ́ kí ṣéènì wálẹ̀ tán, ẹ fi omi àti búrọ́ọ̀ṣì fọ̀ ọ́, ẹ jẹ́ kó gbẹ, ẹ fi ọ́ìlì fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ sí i, kì í ṣe gírísì tó máa ń kó yanrìn jọ. Ẹ yí i sókè, ẹ yí i sísàlẹ̀, títí kò fi ní ha mọ́. Ẹ fẹ́ atẹ́gùn sí táyà, ẹ ka nọ́ńbà rẹ̀. Nígbà tí ẹ bá ń dá a padà, ẹ yí i kó le dáadáa, kí ẹ sì fi ọwọ́ mì í. Bó bá ń mì, kò tíì dé àyè rẹ̀. Ọwọ́ ni kí ẹ fi yí i o. Ẹ̀rọ tí fọkanáísà fi ń tú nọ́ọ̀tì táyà máa ń fọ́ eyín ẹ̀rọ kékeré yẹn.

Bí ẹ bá yí i, tí kò sọ̀ kalẹ̀, inú yín ni kó dùn, torí ilé lẹ ti rí i. Ẹ fi ọ́ìlì sí i mọ́jú, ẹ tún gbìyànjú. Bó bá ṣì kọ̀, kí mẹkáníìkì tú u, kí ẹ pààrọ̀ rẹ̀.

Mo wá ń sọ fún àwọn ọ̀gá tó ní mọ́tò púpọ̀, àwọn iléeṣẹ́ ìjọba, àwọn kọngílá, àti àjọ FRSC pẹ̀lú: ẹ yé bẹ̀rẹ̀ wo sípíà, ẹ ní kí wọ́n sọ ọ́ kalẹ̀. Kí ọkọ̀ tó jáde lọ sí ọ̀nà jíjìn, kí dẹ́rẹ́bà ṣe é níwájú ẹni tó ń buwọ́ lùwé. Dẹ́rẹ́bà tí wọn kò bá fún ní irin gígùn yẹn, kó má gba kọ́kọ́rọ́ mọ́tò.