Ta Ni Yóò Wo Ọwọ́ Tí A Lé Làálì Sí?

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní orin ní í ṣíwájú ọ̀tẹ̀. Òwe yìí bá orin ìfẹ́ kan mu, èyí tí àwọn ará Gujarat ní ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Íńdíà kò jẹ́ kí ó parun. "Mehndi Te Vavi Malve" ni wọ́n ń pè é. Làálì tí àwa náà mọ̀ ni mehndi yìí.

Ìtàn inú rẹ̀ kò gùn. Àbúrò ọkọ kan mú làálì wá fún ìyàwó ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pé kí ó fi ṣe ọwọ́ lóge. Ìyàwó náà kò rí ohun tí òun yóò fi oge náà ṣe, nítorí pé ọkọ tí ìbá wò ó ti lọ sí ìdálẹ̀.

Àwọn kan lè sọ pé fíìmù ni ó sọ orin yìí di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Lóòótọ́, ní ọdún 1960, Lata Mangeshkar kọ ọ́ nínú fíìmù Mehndi Rang Lagyo, èyí tí Avinash Vyas ṣe orin rẹ̀. N kò jiyàn pé fíìmù náà gbé e rìn jìnnà. Ṣùgbọ́n orin fíìmù mélòó ni ayé ti gbàgbé?

Lójú tèmi, ohun méjì ni ó mú un pẹ́. Èkíní ni pé ìrìn-àjò ọkọ kò tán nílẹ̀ Gujarat. Etí òkun ni wọ́n wà. Òwò sì gbé ọ̀pọ̀ ọkùnrin wọn dé Kẹ́ńyà àti Ùgáńdà. Nígbà tí Idi Amin lé àwọn ará Éṣíà kúrò ní Ùgáńdà ní ọdún 1972, ọ̀pọ̀ nínú wọn forí lé Leicester ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ibi tí olólùfẹ́ bá ti ń lọ sí ìdálẹ̀, orin yìí kò lè gbó.

Èkejì ni ìgboyà tí ó wà nínú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí ìyàwó kò lè là mọ́lẹ̀ níwájú àwọn àgbà ilé ọkọ ni ó ń sọ ní gbangba, láàárín ijó garba, níbi tí àwọn obìnrin ti ń yí po tí wọ́n ń pàtẹ́wọ́. Ta ni yóò bá a wí? Orin ni ó ń kọ! Ẹni tí ó bá ti gbọ́ ẹkún ìyàwó wa yóò mọ ọgbọ́n yìí dájú.

Nítorí náà, bí a bá ń jó ègbè rẹ̀ nìkan, tí a kò fetí sí ìyókù, a ti sọ ẹ̀dùn ọkàn obìnrin di ìpolówó làálì. Jhaverchand Meghani (1896–1947), tí ó kó orin àwọn obìnrin Saurashtra jọ sínú ìwé Radhiyali Raat, kò fojú kéré ohun tí ẹnu wọn ń sọ. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi tí ẹ ń gba orin àwọn ìyá wa sílẹ̀, ẹ má ṣe gba ègbè kí ẹ fi ẹjọ́ inú rẹ̀ sílẹ̀. Ẹ bi wọ́n léèrè ẹni tí wọ́n ń bá wí.