Èsì: Kíríkẹ́ẹ̀tì Kì í Ṣe Àlejò ní Amẹ́ríkà

Sí Olóòtú,

Mo ka lẹ́tà òǹkàwé yín kan tó ní kò yẹ kí wọ́n fi Amẹ́ríkà àti Kánádà ṣí Ife Àgbáyé kíríkẹ́ẹ̀tì T20 ti ọdún 2024, nítorí pé ọmọ àná ni àwọn méjèèjì nínú eré náà. Mi ò gbà.

Bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá. Oṣù Kẹsàn-án ọdún 1844 ni àwọn méjèèjì ti kọ́kọ́ pàdé ní New York, tí Kánádà sì fi àmì 23 borí. Ìdíje England àti Ọsirélíà tí gbogbo ayé ń pọ́n di ọdún 1877 kó tó bẹ̀rẹ̀. Ta wá ni ọmọ àná?

Ó tún ní eré náà kò lè ládùn. Ní Grand Prairie, nítòsí Dallas, ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Kẹfà, Kánádà kó àmì 194 jọ. Aaron Jones ti Amẹ́ríkà, tí wọ́n bí sí New York, kojú bọ́ọ̀lù 40 péré, ó kó àmì 94 láìjáde, ó sì gbá bọ́ọ̀lù fò kọjá ààlà pápá lẹ́ẹ̀mẹ́wàá. Amẹ́ríkà borí nígbà tí bọ́ọ̀lù 14 ṣì ṣẹ́ kù. Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n fi na Pakistan lórí pápá kan náà.

Òótọ́ ni pé ilẹ̀ òkèèrè ni wọ́n ti bí púpọ̀ nínú àwọn agbábọ́ọ̀lù wọn. Ìyẹn kò sọ ayò tí wọ́n jẹ di ẹ̀bùn. Kí òǹkọ̀wé wa wo eré náà kó tó tún gbé kálàmù.

Èmi ni òǹkàwé yín,
Ìbàdàn.