Ẹ Jẹ́ Kí Ìlù Parí Ọ̀rọ̀ Rẹ̀

Ní ilé kan tí mo wọ̀ sí ní Tafo, nílùú Kumasi, a ń wo tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Yúróòpù kan. Ẹgbẹ́ òṣèré Yorùbá kan jáde. Dùndún bẹ̀rẹ̀ sí í ki oríkì. Kò ì dé ìdajì tí olóòtú ètò fi sọ̀rọ̀ bò ó mọ́lẹ̀, ó ń ṣàlàyé aṣọ àti ijó. Ìyá àgbà onílé wa, ọ̀kan nínú àwọn Yorùbá tí kò lọ nígbà tí ìjọba Busia fi òfin lé àwọn àjèjì kúrò ní Ghana ní 1969, pariwo pé: “Ẹ jẹ́ kó parí ọ̀rọ̀ rẹ̀ ná!”

Mo wà lẹ́yìn ìyá náà gbágbáágbá.

Àwọn kan yóò ní ijó kò lédè, pé ẹni tó lójú yóò gbádùn rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ìlù lédè. Ohùn mẹ́ta ni Yorùbá ní, òun ló ya ọkọ ìyàwó sọ́tọ̀ sí ọkọ́ àgbẹ̀ àti ọkọ̀ ojú omi. Ọsán tí onídùndún ń fún tí ó sì ń dẹ̀ ni ó fi ń gbé ohùn wọ̀nyí jáde. Ará Kumasi kò ní jiyàn èyí: ohùn méjì ni èdè Twi ní, ìlù méjì sì ni atumpan, ọ̀kan ń ké lókè, èkejì nísàlẹ̀.

Ní 1964, Dúró Ládípọ̀ àti ẹgbẹ́ rẹ̀ gbé Ọba Kò So láti Òṣogbo lọ sí Berlin. Àdánwò ńlá ni eré náà: oríkì, ọfọ̀ àti ìlù ni wọ́n fi pa ìtàn Ṣàngó. Yorùbá ni wọ́n fi ṣe é, wọn kò tọrọ àforíjì.

Ẹ̀bi tiwa wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Bí a bá ń rán òṣèré lọ sókè òkun, a máa ń ka aṣọ, a máa ń ka ìlù, a kì í ka ọ̀rọ̀. Tẹlifíṣọ̀n tó ń fi ọ̀pẹ́rà Ítálì han àwọn ará Jámánì a máa kọ ìtumọ̀ sísàlẹ̀ àwòrán. Kí ló dé tí tiwa kò fi rí bẹ́ẹ̀? Kí ẹgbẹ́ òṣèré kankan má ṣe tọwọ́ bọ̀wé mọ́ láìjẹ́ pé a kọ ọ́ síbẹ̀: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ bo ìlù, ìtumọ̀ sì gbọ́dọ̀ hàn. Bí a bá dákẹ́, tara ẹni a bá ni dákẹ́.

Ọmọ-ọmọ ìyá náà, tí Twi ti gba ẹnu rẹ̀, bi wọ́n pé kí ni ìlù náà wí. Wọ́n mirí. Wọ́n ní: “Ǹ bá sọ fún ọ, ká ní ọkùnrin yẹn dákẹ́.”