Ọ̀nà Kan Ò Wọjà: Ẹ̀kọ́ Lára Ama Ata Aidoo

Bí ọmọ bá fìdí rẹmi nínú ìdánwò, tàbí tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ ẹnìkan, òwe tó máa ń yá wa lẹ́nu ni pé ọ̀nà kan ò wọjà. A ó pa á tán, ẹni tí a pa á fún yóò mi orí, kálukú yóò sì gba ilé rẹ̀ lọ. Lóòótọ́, ìtùnú wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n bí a bá tú òwe náà wò fínnífínní, ohun méjì mìíràn ń bẹ nínú rẹ̀. Èkíní, ọjà ni à ń lọ: ẹni tó ya igbó lásán kí wọ́n lè pè é lọ́gbọ́n, òwe yìí kò gbè é. Èkejì, òwe sọ pé ọ̀nà pọ̀. Kò sọ pé gbogbo ọ̀nà ló dé ọjà.

Ẹni tí ìgbé ayé rẹ̀ tú òwe yìí fún mi ni Ama Ata Aidoo, òǹkọ̀wébìnrin ọmọ Fante ní Gánà, tó dágbére fáyé ní ọjọ́ 31 oṣù Karùn-ún ọdún 2023. Ní 1942 ni wọ́n bí i ní Abeadzi Kyiakor, nítòsí Saltpond. Bàbá rẹ̀ ni olórí ìlú náà, òun ló sì dá ilé ẹ̀kọ́ àkọ́kọ́ sílẹ̀ níbẹ̀. Aidoo ṣì ń kàwé ní Yunifásítì Gánà ní Legon nígbà tí wọ́n gbé eré rẹ̀, The Dilemma of a Ghost, sórí ìtàgé ní 1964.

Ìwé rẹ̀ kan tó da àríyànjiyàn sílẹ̀ ni Our Sister Killjoy, tó jáde ní 1977. Ẹni tó ti mọ ìtàn àròsọ láti ilé ẹ̀kọ́ lè rò pé ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ló ṣe àṣìṣe. Àwọn ojú ewé kan wà ní ìbẹ̀rẹ̀ tí ọ̀rọ̀ inú wọn kò ju péréte lọ, tí gbogbo ìyókù funfun báláú. Ìtàn á máa lọ geere, ewì á já lù ú. Ewì á dákẹ́, ìtàn á tún gbà á. Nígbà tí a ó fi dé ìpín kẹrin, ìwé ti di lẹ́tà.

Sissie ni ìtàn náà dá lé, ọ̀dọ́mọbìnrin ará Gánà tí wọ́n mú lọ sí Jámánì pẹ̀lú àwọn ọ̀dọ́ ilẹ̀ mìíràn láti ṣe iṣẹ́ ọ̀fẹ́. Ní ìlú kékeré kan ní Bavaria, abilékọ kan tó ń jẹ́ Marija sọ ọ́ di ọ̀rẹ́, ó ń fi èso kẹ́ ẹ, títí ọ̀rọ̀ fi fẹ́ kọjá ti ọ̀rẹ́, tí Sissie sì kọ̀. Nígbà tó dé Lọ́ńdọ́nù, ó bá àwọn èèyàn wa tí òtútù ń dá lóró nínú aṣọ tí kò gbóná tó. Ohun tó dùn ún jù ni pé àwọn tó ti ibẹ̀ padà sílé kì í sọ òtítọ́ ohun tí ojú wọn rí. Ẹni tó bá rìn jìnnà ní ń rí abuké ọ̀kẹ́rẹ́. Sissie rìn jìnnà, ó sì pinnu pé òun kò ní pa ohun tí òun rí mọ́ra.

Kí ló dé tí Aidoo kò gba títì tí gbogbo èèyàn ń gbà? Ẹrù tó rù ni. Ọjọ́ ti pẹ́ tí àwọn òyìnbó ti ń wá sí Áfíríkà, tí wọ́n ń kọ ohun tí wọ́n rí sínú ìwé. Aidoo yí ojú padà: ọmọ Áfíríkà ló wá ń wo ilé òyìnbó. Níbi tí ìbínú Sissie bá sì ti pọ̀ ju ohun tí ìtàn geere lè gbé, ewì ló ń gbà á. Bẹ́ẹ̀ ọ̀nà yìí kì í ṣe àjèjì. Bí àwọn Akan, tí àwọn Fante wà lára wọn, bá ń pa ìtàn Ananse aláǹtakùn, ẹnìkan láàárín àwọn tó ń gbọ́ lè fi orin dá apìtàn dúró. Àwa tí wọ́n pàlọ́ fún mọ̀ bí Ìjàpá ṣe ń dá ọgbọ́n ẹ̀wẹ́ lọ́wọ́ tí orin á gba ìtàn lẹ́nu rẹ̀. Ọ̀nà tí àwọn kan pè ní tuntun, ẹsẹ̀ àwọn ìyá àgbà ti tẹ̀ ẹ́ tipẹ́.

Ẹ jẹ́ ká wá sí apá kejì òwe wa, pé kì í ṣe gbogbo ọ̀nà ló dé ọjà. Nínú Changes, tó jáde ní 1991, Esi kọ ọkọ tó fipá bá a lò sílẹ̀, ó sì fẹ́ Ali, ó di ìyàwó kejì. Ó rò pé ọ̀nà yìí yóò fún òun ní ìfẹ́ àti àyè láti ṣe iṣẹ́ òun. Àyè wá, àyè sì pọ̀ jù: Ali kì í sí nílé. Ìwé yìí gba ẹ̀bùn Commonwealth fún ẹkùn Áfíríkà ní 1992, síbẹ̀ Aidoo kò parọ́ fún wa pé Esi dé ọjà.

Aidoo fúnra rẹ̀ náà tọ irú ọ̀nà tí kò dé ọjà bẹ́ẹ̀ wò. Ní 1982, ìjọba Rawlings fi í ṣe olórí ètò ẹ̀kọ́ ní Gánà. Èròńgbà rẹ̀ ni kí gbogbo ọmọ máa kàwé lọ́fẹ̀ẹ́. Nígbà tó rí i pé ọwọ́ òun kò lè tẹ̀ ẹ́ láti orí àga náà, ó kọ̀wé fipò sílẹ̀ lẹ́yìn nǹkan bí oṣù 18. Ọ̀pọ̀ èèyàn ni ọ̀nà ti dí mọ́ lójú, síbẹ̀ tí wọ́n jókòó nítorí mọ́tò ìjọba. Aidoo kó lọ sí Sìmbábúè, ó ń bá wọn ṣètò ohun tí àwọn ọmọ yóò máa kọ́ ní ilé ẹ̀kọ́, ó sì ń kọ ewì àti ìwé ọmọdé. Ọjà tó ń ná ní Accra náà ló tún ń ná ní Harare. Ní 2000, ó dá àjọ Mbaasem sílẹ̀ láti máa ran àwọn òǹkọ̀wébìnrin Áfíríkà lọ́wọ́.

Ohùn rẹ̀ tilẹ̀ gba ọ̀nà tí òun fúnra rẹ̀ kò là. Ní 2020, Burna Boy fi ohùn Aidoo, láti inú ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò kan, sí ìparí orin rẹ̀ “Monsters You Made”, níbi tí ìyá náà ti ń sọ ohun tí àwọn òyìnbó kó lọ ní Áfíríkà. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ tí kò ṣí ìwé rẹ̀ rí ló ti gbọ́ ọ.

Nítorí náà, bí ọ̀dọ́ kan bá gbé ìwé tó kọ wá bá wa, tí kò jọ ti Fágúnwà, tí kò jọ ti Ìṣọ̀lá, ẹ má jẹ́ ká sáré bi í pé ta ló kọ́ ọ bẹ́ẹ̀. Ọjà wo lò ń ná, ṣé ìwé yìí sì gbé wa débẹ̀? Ìbéèrè tó yẹ nìyẹn. Òun náà gbọ́dọ̀ lè dáhùn, torí pé yíya ọ̀nà nìkan kọ́ ni iṣẹ́. Bí kò bá sì tíì débẹ̀, kó ṣe bíi ti Aidoo: kó fi ọ̀nà náà sílẹ̀, kó má fi ọjà sílẹ̀.