Ọkọ̀ Tí Kì Í Jáde

Níbi ìsọmọlórúkọ kan tí mo lọ ní Bódìjà, ní ìlú Ìbàdàn, ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Ọkùnrin kan tí mo kọ́ ní ọjọ́ pípẹ́ sẹ́yìn, tí Ọlọ́run ti fi owó kẹ́, gbé ọkọ̀ eré-ìje pupa kan wá síbẹ̀. Irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ kò ṣàjèjì sí ẹni tí ó bá ń gba Ìkòyí kọjá ní Èkó: ìlẹ̀kùn méjì, ìjókòó méjì, ikùn rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ máa họ ilẹ̀, ohùn rẹ̀ sì ń bú bí ti kìnnìún tí ebi ń pa. Gọ́tà kan wà ní ẹnu ọ̀nà ilé ìnáwó náà tí ọkọ̀ yìí kò lè rékọjá. Àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin sáré wá pákó tẹ́ lé e, wọ́n ń pariwo, ‘Ẹ rọra! Ẹ rọra!’, títí tí ọkọ̀ tí a ṣe láti sá ju 300 kìlómítà lọ ní wákàtí kan fi wọlé bí ìgbín.

Mo fi í ṣẹ̀fẹ̀ pé èéfín ọkọ̀ yìí nìkan tó láti ba ojú ọ̀run Ìbàdàn jẹ́. Ó dọ̀bálẹ̀, ó sì fèsì. ‘Ẹ má bínú, Dókítà. Ọkọ̀ yìí kì í jáde àfi ọjọ́ Sátidé. Ọkọ̀ tiyín tí ń jáde lójoojúmọ́ ni kí ẹ bi léèrè. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀, sà. Ẹ ó rí i pé ẹ̀yin ni ẹ ń ba ayé jẹ́ jù mí lọ.’ Gbogbo ènìyàn rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà bá mi délé.

Ó bá mi délé nítorí pé kì í ṣe àwíjàre tirẹ̀ nìkan. Ibikíbi tí a bá ti bi ẹni tí ó ni irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ léèrè ohun tí ọkọ̀ rẹ̀ ń ṣe sí ayé, ohun kan náà ni yóò wí: n kì í wà á púpọ̀. Òótọ́ sì wà nínú rẹ̀. Irọ́ tí òótọ́ wà nínú rẹ̀ ni ó sì ṣòro láti já ju irọ́ gbuurugbu lọ.

Ẹ jẹ́ kí á kọ́kọ́ gbà fún un ní ibi tí ó ti jàre. Lítà epo bẹntiróòlù kan kò wúwo tó kìlógíráàmù kan, ṣùgbọ́n bí ó bá jó tán nínú ẹ́ńjìnnì, èéfín kábọ́nì tí ó ń tú sínú afẹ́fẹ́ tó kìlógíráàmù 2.3. Kì í ṣe idán. Kábọ́nì inú epo ni ó ń so pọ̀ mọ́ ọ́síjìn tí ó wà nínú afẹ́fẹ́, ọ́síjìn yìí ni ó sì ń fi ìwọ̀n kún un. Èéfín yìí, tí ojú kò rí, ni ó ń bo ayé mọ́lẹ̀ bí aṣọ òtútù, tí kò jẹ́ kí ooru ráyè jáde. Nítorí náà, ẹni tí ó bá mọ iye lítà epo tí òun rà ti mọ iye èéfín tí òun dá sílẹ̀. Kí a gbà pé ọkọ̀ pupa náà ń jẹ lítà 15 ní 100 kìlómítà, tí kì í sì í rìn ju 2,000 kìlómítà lọ lọ́dún. Lítà 300 nìyẹn, èéfín rẹ̀ sì jẹ́ 690 kìlógíráàmù. Toyota tòkunbọ̀ tèmi ń jẹ nǹkan bí lítà 8 ní 100 kìlómítà, ṣùgbọ́n ó ń rìn tó 15,000 kìlómítà lọ́dún. Lítà 1,200 nìyẹn, èéfín rẹ̀ sì jẹ́ 2,760 kìlógíráàmù. Ìlọ́po mẹ́rin tirẹ̀! Bí a bá dúró síbẹ̀, akẹ́kọ̀ọ́ ti borí olùkọ́, kò sì sí ohun tí ó kù ju kí n tọrọ àforíjì lọ.

Ṣùgbọ́n ta ni ó ní kí a dúró síbẹ̀?

Ọkọ̀ kì í já bọ́ láti ojú ọ̀run. Kí ẹni tí ó rà á tó bu epo sí i lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ni èéfín rẹ̀ ti gòkè: níbi tí a ti wa irin, níbi tí a ti yọ́ ọ, níbi tí a ti ṣe gíláàsì àti táyà. Láti yọ kìlógíráàmù alumíníọ́mù kan péré, iná mànàmáná tí à ń lò tó nǹkan bí kìlówáàtì 14 fún wákàtí kan gbáko. Òwú kábọ́nì tí wọ́n ń fi ṣe ara ọkọ̀ eré-ìje kí ó lè fúyẹ́ tún ń jẹ iná ju irin lásán lọ ní ìlọ́po-ìlọ́po. Iye tí àwọn onímọ̀ sábà máa ń dá fún ṣíṣe ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ lásán kò jìnnà sí tọ́ọ̀nù 5 sí 10. Kí wọ́n má baà sọ pé mo ṣe ojúsàájú, mo fún ọkọ̀ pupa náà ní 10. Gbèsè ni tọ́ọ̀nù 10 yìí. Rírìn ni ọkọ̀ fi ń san án. Awakọ̀ takisí tí ó fi ọkọ̀ rẹ̀ rin 300,000 kìlómítà ti pín gbèsè tọ́ọ̀nù 6 sí wẹ́wẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí kò fi ju gíráàmù 20 lọ lórí kìlómítà kan. Akẹ́kọ̀ọ́ mi, bí ó bá lo ọkọ̀ rẹ̀ fún ọdún 10, 20,000 kìlómítà péré ni yóò rìn. Gíráàmù 500 ni gbèsè tí ó wà lórí kìlómítà kọ̀ọ̀kan, kí a tó wá fi 345 ti epo lé e. Bí ọkọ̀ náà bá ṣe ń pẹ́ nílé tó ni gbèsè kìlómítà kọ̀ọ̀kan ṣe ń ga tó. Ohun tí ó pè ní àwíjàre ti di ẹ̀rí lẹ́nu rẹ̀.

Ẹ tún wo ó lọ́nà mìíràn. Gbèsè tọ́ọ̀nù kan lọ́dún, pẹ̀lú 690 kìlógíráàmù ti epo: 1,690. Èéfín kábọ́nì tí ó kan ọmọ Nàìjíríà kọ̀ọ̀kan lọ́dún, bí a bá ko epo, gáàsì, ilé iṣẹ́ àti ẹ̀rọ amúnáwá gbogbo orílẹ̀-èdè yìí pọ̀ tí a sì pín in, kò ju nǹkan bí 600 kìlógíráàmù lọ. Ọkọ̀ tí ń sùn nílé láti ọjọ́ Àìkú títí di ọjọ́ Ẹtì ń jẹ ìpín tí ó súnmọ́ ti ènìyàn mẹ́ta. Tèmi náà, bí mo bá fi ìpín gbèsè rẹ̀ kún un, yóò lé ní ìpín ti ènìyàn márùn-ún. N kò fi bò. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ tèmi ń gbé èmi àti àwọn alábàáṣiṣẹ́ mi mẹ́ta lọ sí ibi iṣẹ́, ó ń gbé aláìsàn, ó sì ń gbé iṣu bọ̀ láti oko. Dánfó tí ń jẹ lítà 15 kan náà ní 100 kìlómítà ń gbé èrò 14. Ìpín ẹnì kọ̀ọ̀kan nínú èéfín epo rẹ̀ kò ju gíráàmù 25 lọ lórí kìlómítà kan. Ti ọkọ̀ pupa, tí ẹnì kan ṣoṣo sábà máa ń jókòó sí, jẹ́ 845. (Èéfín dúdú dánfó tí ń ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́, ẹjọ́ mìíràn nìyẹn, n kò sì gbè é.)

Èyí tí ó burú jù nínú àwíjàre náà ni ohun tí ó dákẹ́ lé lórí. Kí ni ó dé tí ọkọ̀ kan fi lè máa sùn nílé lọ́jọ́ mẹ́fà? Nítorí pé òmíràn ń jáde dípò rẹ̀ ni! Kò sí ẹni tí ń fi ọkọ̀ ìjókòó méjì gbé ọmọ mẹ́ta lọ sí ilé ìwé. Jíìpù ni ó ń ṣe iṣẹ́ ọjọ́ Ajé sí ọjọ́ Ẹtì, jíìpù tí ń jẹ lítà 15 bíi ti ọkọ̀ eré-ìje, ṣùgbọ́n tí ń rin 15,000 kìlómítà bíi tèmi: ó lé ní tọ́ọ̀nù 5 lọ́dún, láìka gbèsè ṣíṣe rẹ̀. Ẹni tí ó bá ní kí á fi ọkọ̀ òun wé ọkọ̀ ẹlòmíràn, kí ó kó gbogbo ohun tí ó wà nínú ọgbà rẹ̀ jáde, kí á ròó pọ̀. Ní ọdún 2023, ìdajì ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ tuntun tí a tà ní gbogbo ayé, ó dín díẹ̀, ni ó jẹ́ jíìpù. Nítorí náà n kò bá àwọn tí ń ṣépè fún ọkọ̀ eré-ìje láti ojú fèrèsé jíìpù lọ, ìbáà jẹ́ kọmíṣọ́nnà ìjọba, ìbáà jẹ́ ọ̀gá yunifásítì.

Wọn a tún máa wí pé ọkọ̀ eré-ìje kò pọ̀, pé kí ni ìwọ̀nba díẹ̀ lè bàjẹ́. Lóòótọ́, ọkọ̀ 13,663 péré ni Ferrari kó fún àwọn oníbàárà rẹ̀ ní gbogbo ayé ní ọdún 2023. Àwọn aṣòfin Yúróòpù náà gba ọ̀rọ̀ yìí gbọ́. Ní ọdún 2022, nígbà tí wọ́n dìbò lórí òfin tí yóò fi òpin sí títa ọkọ̀ tuntun tí ń tú èéfín kábọ́nì láti 2035, wọ́n dẹ òfin náà títí di òpin 2035 fún àwọn ilé iṣẹ́ tí kì í ṣe ju ọkọ̀ 10,000 lọ lọ́dún, wọ́n sì yọ àwọn tí kì í ṣe tó 1,000 kúrò nínú rẹ̀ pátápátá. Àwọn ará Yúróòpù fúnra wọn fi orúkọ Ferrari pe àtúnṣe náà. Èmi kò mọ ibi tí àwọn olówó ti pọ̀ rí. Bí àìpọ̀ bá ti di àforíjì, a jẹ́ pé olówó nìkan ni yóò máa rí i gbà, tálákà tí ó pọ̀ bí eṣú ni yóò sì máa san gbèsè.

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe san án nílé wa níbí. Títí di oṣù Karùn-ún ọdún 2023 ni ìjọba ń bá gbogbo wa san lára owó epo, tí ó fi jẹ́ pé ẹni tí ó bá jó epo jù ni ó ń jẹ nínú owó ìlú jù. Nígbà tí wọ́n yọ ọwọ́ kúrò níbẹ̀, lítà kan tí kò tó ₦200 fò kọjá ₦500 láàrin ọjọ́ díẹ̀. Èrò inú dánfó ni ó fi ẹsẹ̀ rìn. Ọkọ̀ eré-ìje kò pa ìjáde ọjọ́ Sátidé rẹ̀ jẹ.

Ẹnì kan níbi ìnáwó náà sọ pé owó ẹni ni à ń ná, kò kan ará ìta. Yorùbá ti dáhùn kí a tó bí i: bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò bá sọ fún un, hùrùhẹrẹ rẹ̀ kò ní jẹ́ kí á sùn lóru. Ẹlòmíràn ní àṣà wa ni afẹ́, pé ẹṣin ni ọkọ̀ eré-ìje àwọn olóyè àtijọ́. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mọ́ mi, nítorí pé ó jẹ́ òótọ́ ní ìdajì. Ẹni tí ó bá ti wo àwọn ìdílé Balógun lórí ẹṣin níbi Òjúde Ọba ní Ìjẹ̀bú-Òde kò ní sọ pé Yorùbá kò mọ iyì afẹ́. Ṣùgbọ́n koríko ni ẹṣin ń jẹ, ìgbẹ́ rẹ̀ sì ń padà sí oko. Gbogbo ìlú ni ó sì ń bá olóyè jẹ nínú afẹ́ náà. Ta ni ó ń bá akẹ́kọ̀ọ́ mi jẹ nínú tirẹ̀, yàtọ̀ sí àwọn tí ó tẹ́ pákó?

N kò sọ pé kò sí ọkọ̀ eré-ìje tí a lè dárí jì. Ẹni tí ó ra ọkọ̀ tí ó ti dàgbà, tí ó ń tún un ṣe, tí kò sì ní òmíràn, kò jẹ gbèsè tuntun kankan. Ìjàpá, Volkswagen tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tò ní Ọ̀jọ́, ní Èkó, ní ọdún 1975, àwọn mẹkáníìkì wa fi wáyà àti ọgbọ́n orí mú un rìn fún ogójì ọdún. Ferdinand Porsche tí ó ya Ìjàpá kan náà ni a sọ ọkọ̀ Porsche lórúkọ rẹ̀, èyí tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe ní 1948 sì lo ẹ̀yà ara Ìjàpá. Ọmọ ìyá ni wọ́n. Ọ̀kan gbé olùkọ́, nọ́ọ̀sì àti àgbẹ̀ títí ó fi di àlòkù. Èkejì ń gba aṣọ ìbora nínú gáréèjì. Ní ti àwọn tí ń fi ọkọ̀ eré-ìje oníná mànàmáná yangàn, kí wọ́n kọ́kọ́ sọ fún wa bóyá ẹ̀rọ amúnáwá ni wọn yóò fi gba iná sí i lára.

Nígbà tí mo ṣírò tán, mo pè é lórí fóònù. Mo jẹ́wọ́ pé ọkọ̀ tèmi ń tú èéfín ju ọkọ̀ pupa rẹ̀ lọ. Inú rẹ̀ dùn. Mo wá bi í léèrè iye kìlómítà tí jíìpù rẹ̀ ń rìn lọ́dún, kí n lè fi kún un. Ó dákẹ́ díẹ̀.

‘Èwo nínú wọn, sà?’ ni ó wí.